Ata Tí Kóòtù Dá Sílẹ̀

Mo rántí ìgbà tí òórùn ata rodo wọ̀ mí lára débi pé, bí mo bá fọ aṣọ mi lẹ́ẹ̀mẹ́ta tí mo sì sá a sóòrùn, ẹni tó bá jókòó tì mí nínú mọ́tò á ṣì máa sín. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ parí ilé ẹ̀kọ́ olùkọ́ni nígbà náà. Iṣẹ́ ìjọba tí mo ń retí kò tíì dé, mo sì ti padà sọ́dọ̀ ìyá mi ní ìlú wa, tó wà lójú ọ̀nà tó ti Ṣakí lọ sí ibodè. Bàbá mi ti kú lọ́dún tó ṣáájú. Oko ata ọdún náà ni àkọ́kọ́ tí ìyá mi máa dá dá fúnra rẹ̀, àwọn ará ilé bàbá mi sì ti ń sọ pé kó dá ilẹ̀ náà padà fún ẹbí, pé obìnrin kò lè dá ilẹ̀ tó tó bẹ́ẹ̀ ro. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ àrọwà, wọ́n fún un ní ìgbà òjò kan ṣoṣo kí wọ́n fi wò ó. Bí ata náà bá dé Ìbàdàn tó sì tà, ilẹ̀ ọkọ rẹ̀ á wà lọ́wọ́ rẹ̀. Bí kò bá tà, kí ó gbé ọkọ́ rẹ̀, kó máa bọ̀ nílé. Gbogbo ìlú ló mọ̀ pé ohun tó wà nílẹ̀ nìyẹn.

Àwọn obìnrin aláta ìlú wa kò ju mẹ́wàá lọ. Ẹnì kan kò lè dá kún ọkọ̀ akẹ́rù, nítorí náà ńṣe ni wọ́n máa ń kó ata wọn pọ̀ sínú ọkọ̀ kan, tí yóò gba Ṣakí àti Ìṣẹ́yìn kọjá dé Ìbàdàn. Obìnrin kan tó ti lé ní àádọ́rin ọdún ni olórí wọn. Ìyálẹ́gbẹ́ ni gbogbo wa ń pè é. Ó kúrú, ó dúdú, kò sì fẹ́ràn ọ̀rọ̀ gígùn. Bí wọ́n ṣe ń mọ àpò ara wọn yàtọ̀ ni pé kálukú á ya ọ̀já tẹ́ẹ́rẹ́ lára ìró rẹ̀ tó ti gbó, á so ó mọ́ ẹnu àpò. Kò sí ẹni tó ń ṣi àpò gbé, nítorí kò sí obìnrin tí kò mọ ìró ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Ìró tí èèyàn ti ró lọ síbi ìsọmọlórúkọ, tó ró lọ sí Yídì, tó fi pọn ọmọ mẹ́ta, bó bá ya lónìí, gbogbo àdúgbò ló máa mọ àkísà rẹ̀. Kódà, àwọn tó ń bá wọn ta ata ní Ìbàdàn ti mọ̀ wọ́n. Wọ́n á ní, “Ẹ gbé ti aláró wá, ẹ jẹ́ kí ti aláwọ̀ ewé dúró ná.”

Èmi tí mo gbé ìwé ẹ̀rí dé láti ilé ẹ̀kọ́ rí èyí, ojú sì ń tì mí. Wọ́n ti fi mí ṣe akọ̀wé ẹgbẹ́, mo sì gbà pé iṣẹ́ tí Ọlọ́run rán mi ni láti la ojú àwọn ìyá wọ̀nyí. Mo ra mákà aláwọ̀ dúdú ní Ṣakí. Mo sọ fún wọn nípàdé pé ayé ti kúrò níbi àkísà, pé láti ọjọ́ náà lọ, èmi á máa kọ lẹ́tà àti nọ́ńbà sára àpò kọ̀ọ̀kan, màá sì kọ wọ́n sínú ìwé kan tí mo fi rúlà fàlà sí. Mo ṣàlàyé títí ẹnu fi ń dùn mí. Àwọn ìyá náà wojú ara wọn, wọ́n wo ìyá mi, wọ́n ní kò burú, ọmọ tó kàwé ló ń sọ̀rọ̀. Ìyálẹ́gbẹ́ nìkan ló rẹ́rìn-ín.

Ó ní, “Akọ̀wé, o ṣeun. Àmọ́ bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Máa kọ tìẹ. Èmi á máa so tèmi.”

Mo rò ó lọ́kàn mi pé arúgbó ni, kò lè yí padà mọ́. Mo tún ní ọgbọ́n kejì, èyí tí mo fi pamọ́ fún ìyá mi nìkan. Mo kíyè sí i pé igi kékeré tó wà lórí ata rodo máa ń gba àyè nínú àpò. Mo ní ká máa já a kúrò kí àpò lè gba ata sí i. Ìyá mi yí ata kan po lọ́wọ́, ó ní àwọn kì í já a tẹ́lẹ̀. Mo ní ohun tí wọn kì í ṣe tẹ́lẹ̀ ló pọ̀ jù. Ó gbà, torí ó fẹ́ràn mi, ó sì ti ń fi mí yangàn lójú àwọn ará ilé bàbá mi. Èmi ni mo bá a já gbogbo rẹ̀, èmi ni mo dì í, èmi ni mo rán ẹnu àpò mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ tó jẹ́ tirẹ̀ pẹ̀lú okùn kan náà tí gbogbo èèyàn ń rà lọ́jà.

Ọjọ́ Àìkú la di ẹrù náà. Oṣù kẹjọ ti ń sún mọ́lé, òjò ń rọ̀ wìnnìwìnnì. Nígbà tí dírẹ́bà máa dé, àpò mẹ́rin ti wà nísàlẹ̀ ọkọ̀ rẹ̀. Ó ní ata ẹnì kan tó wà ní abúlé iwájú ni, pé kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Iṣẹ́ akọ̀wé ni láti wọ inú ọkọ̀ lọ wo ohun tó wà nísàlẹ̀ kí wọ́n tó kó tiwa lé e. Ṣùgbọ́n mákà mi ni mò ń tún kọ, torí pé òjò ti ń mú kí yíǹkì rẹ̀ ṣàn. Wọ́n kó ata wa lé e, wọ́n fi tapólì bò ó, èmi náà gòkè jókòó níwájú lẹ́gbẹ̀ẹ́ dírẹ́bà. Ìyá mi dúró ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, ó ń ṣe àdúà tí mi ò gbọ́, ó ń fi ọwọ́ pa ojú rẹ̀.

A ti kọjá Ṣakí nígbà tí àwọn ẹ̀ṣọ́ tó ń ṣọ́ ẹrù ibodè dá wa dúró. Wọ́n ní ká tú tapólì. Wọ́n sọ àpò kalẹ̀, wọ́n sọ ọ́ kalẹ̀, títí wọ́n fi dé ìsàlẹ̀, níbi tí ìrẹsì ilẹ̀ òkèèrè wà ní ìtẹ̀lé ara wọn, tí àpò ata mẹ́rin ti dírẹ́bà bò wọ́n mọ́lẹ̀. Dírẹ́bà ní òun fẹ́ lọ tọ̀ díẹ̀. Ó wọ inú igbó lọ, ibẹ̀ ló sì gbà lọ pátápátá. Ó ku èmi, ìwé tí mo fi rúlà fàlà sí, àti mákà tó wà létí mi.

Mi ò lè sọ̀rọ̀ àwọn ẹ̀ṣọ́ náà ní búburú. Iṣẹ́ tí wọ́n rán wọn ni wọ́n jẹ́. Wọ́n gba ọ̀rọ̀ ẹnu mi sílẹ̀, wọ́n fún mi lómi mu, nígbà tí Ìyálẹ́gbẹ́ àti ìyá mi sì gun ọ̀kadà dé ní ìrọ̀lẹ́, wọ́n jẹ́ kí n bá wọn lọ. Ẹrù ni wọn kò jẹ́ kó lọ. Wọ́n ti gbẹ́sẹ̀ lé ọkọ̀ àti gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀, wọ́n wà á wọ inú ọgbà wọn ní Ṣakí. Ọ̀gá wọn sọ fún wa pé ìrẹsì ni ẹjọ́ dá lé lórí, ṣùgbọ́n ata ni wọ́n fi bo ìrẹsì, nítorí náà ata náà wọ ẹjọ́. Ó ní bí a bá ní ohun tí a fẹ́ wí, ká lọ wí i ní kóòtù.

Yorùbá ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Kò sí èyí tó mọ ọ̀nà kóòtù nínú àwọn ìyá wa. Ẹ̀rù ba àwọn míì, wọ́n ní ká fi sílẹ̀ fún Ọlọ́run. Ìyálẹ́gbẹ́ ló ní Ọlọ́run kò sọ pé ká fi ata Òun sílẹ̀ kó jẹrà. A wá lọ́yà kan, ọmọkùnrin kan tí kò tíì pẹ́ tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ṣakí. Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ wa tán, ó ní òfin mọ̀ pé ata kì í ṣe sìmẹ́ńtì. Ó ní ohun tó bá lè bàjẹ́ kì í dúró de ìgbà tí ẹjọ́ bá parí, a lè bẹ kóòtù kó dá a sílẹ̀ fún ẹni tó ni ín, kí ìrẹsì máa jẹ́ ẹjọ́ tirẹ̀ lọ. Ó kọ ìwé, ó sáré, wọ́n sì fún wa ní Ọjọ́bọ̀.

Láti Ọjọ́ Ajé dé Ọjọ́rú, ẹ̀gbẹ́ ògiri ọgbà náà la jókòó sí. Àwọn ìyá náà kò rí ata wọn, ṣùgbọ́n wọ́n ń gbọ́ òórùn rẹ̀. Lọ́jọ́ kìíní, òórùn ata tútù ni. Lọ́jọ́ kejì, ó ti ń kan bí ògì. Lọ́jọ́ kẹta, omi pupa ń jò lábẹ́ ọkọ̀, eṣinṣin sì ti kún ibẹ̀. Obìnrin kan bú sẹ́kún. Ìyá mi kò sunkún, ó kàn ń bi mí bóyá ata tí wọ́n já igi orí rẹ̀ máa ń tètè rà ju èyí tí wọn kò já lọ. Mo ní mi ò mọ̀. Irọ́ ni mo pa, torí mo ti rí i nílé pé ojú ibi tí mo ti já igi náà ni omi máa ń gbà wọlé.

Ní òwúrọ̀ Ọjọ́bọ̀, lọ́yà ti wọ inú ọgbà lọ wo ẹrù. Ó bá wa ní ọ̀ọ̀dẹ̀ kóòtù pẹ̀lú ojú tó fà ro. Ó ní òjò àti omi ata ti fọ gbogbo ohun tí mo kọ dànù, pé kò sí lẹ́tà, kò sí nọ́ńbà, àyàfi àpò márùn-ún tí ọ̀já aláró wà lẹ́nu wọn. Ti Ìyálẹ́gbẹ́ ni. Ó ní àwọn ẹ̀ṣọ́ kò ní kí wọ́n má dá ata sílẹ̀, ṣùgbọ́n wọ́n máa béèrè ẹni tó ni èwo, torí pé ata dírẹ́bà wà láàárín wọn. Lẹ́yìn èyí, ó wọlé lọ.

Mo fà sún mọ́ Ìyálẹ́gbẹ́. Mo sọ̀rọ̀ sí i létí pé, “Ẹ jọ̀ọ́ Ìyá, ẹ kàn sọ pé tiyín ni gbogbo rẹ̀. Ẹ̀yin ni olórí, kò sẹ́ni tó máa já yín nírọ́. Bí wọ́n bá ti tú u sílẹ̀, a jọ máa pín in.”

Ó ní, “Ṣé ìyá rẹ ló ní kí o bá mi sọ bẹ́ẹ̀?”

Mo ní, “Rárá, Mà.”

Ó ní, “Ó dáa. Lọ bá mi wá omi sínú búùtà.”

Mo rò pé òùngbẹ ló ń gbẹ ẹ́, ìyàlẹ́nu sì bá mi pé búùtà ló béèrè. Ìgbà tí wọ́n pè é síwájú adájọ́ tí wọ́n gbé Àlùkùránì wá kó fi búra ló yé mi. Ó ní kí wọ́n dúró, òun kò tíì ní àlùwàlá. Adájọ́ bojú wo ìwé níwájú rẹ̀, lọ́yà ń wo ilẹ̀, gbogbo kóòtù sì ń dúró nígbà tí obìnrin náà lọ sí ọ̀ọ̀dẹ̀, tó fọ ọwọ́, tó yọ ẹnu, tó fọ ojú, tó fi omi pa orí, tó fọ ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì dé ọrùn ẹsẹ̀, láìkánjú rárá. Ó padà wá, ó gba Àlùkùránì, ó búra.

Ohun tó ń pa mí lẹ́rìn-ín títí di òní ni pé ọmọ Yorùbá bíi tiwa ni adájọ́ náà, síbẹ̀ ó ní láti dúró de ògbufọ̀ kó tó lè gbọ́ èdè ìyá ara rẹ̀. Adájọ́ bi í bóyá òun ló ni ata tó wà nínú ọkọ̀. Ó ní, “Àpò márùn-ún péré ló jẹ́ tèmi. Ìyókù ní ẹni tó ni ín. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá jẹ́ kí n rí i, màá sọ ẹni tó ni ín fún yín.” Ògbufọ̀ túmọ̀ rẹ̀. Ọ̀gá àwọn ẹ̀ṣọ́ ní báwo lèèyàn ṣe lè mọ ata kan yàtọ̀ sí òmíràn. Adájọ́ rò ó, ó ní kí gbogbo wa jáde, kí a jọ lọ fi ojú ara wa wo ata náà.

Inú ọgbà náà ni mo ti rí ohun tí ilé ìwé kò kọ́ mi. Adájọ́ kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn án. Ó ní kí obìnrin kọ̀ọ̀kan kọ́kọ́ lọ sọ fún ògbufọ̀ ní kọ̀rọ̀ bí òun ṣe ń ká ata òun àti bí òun ṣe ń dì í, kí ó kọ ọ́ sílẹ̀, kí Ìyálẹ́gbẹ́ tó ṣí àpò kankan. Nígbà tó wá yá, ó ń ṣí àpò, ó ń ki ọwọ́ bọ inú rẹ̀, ó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni ń ka orúkọ àwọn ọmọ rẹ̀. Ó ní èyí tí ewé wà nínú rẹ̀ jẹ́ ti ìyàwó alágbẹ̀dẹ, torí ata àti ewé ló jọ máa ń já pọ̀, kì í ní sùúrù. Ó ní èyí tó pọ́n tán látòkè délẹ̀ jẹ́ ti obìnrin tí oko rẹ̀ jìnnà, ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀ ló ń débẹ̀. Èyí tí àbààwọ́n wà lára rẹ̀ jẹ́ ti ẹni tó máa ń ká a kí ìrì tó gbẹ, torí pé ó ń sáré lọ gbọ́únjẹ ọmọ ilé ìwé. Ògbufọ̀ ń wo ìwé ọwọ́ rẹ̀, ó ń mi orí. Kò ṣi ẹyọ kan. Níbi tí kò bá ti dá a lójú, ó ń pe ẹni tó ni ín pé kó wá wò ó fúnra rẹ̀. Ọ̀gá àwọn ẹ̀ṣọ́ ti bọ́ fìlà, ó gbàgbé ara rẹ̀, ó ń bá wọn gbé àpò.

Lẹ́yìn náà ló ku àpò méjìlá. Gbogbo ata inú wọn ni kò ní igi lórí. Mẹ́jọ nínú wọn jẹ́ ti ìyá mi, mẹ́rin jẹ́ ti dírẹ́bà, ẹni tí a gbọ́ lẹ́yìn náà pé ó ra tirẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń ta ata tí wọ́n ti já igi orí rẹ̀ ní ẹ̀dínwó. Ìyálẹ́gbẹ́ ki ọwọ́ bọ àkọ́kọ́, ó ki ọwọ́ bọ èkejì. Ó pẹ́ níbẹ̀. Ó mọ ohun tó wà lórí ata náà ju ẹnikẹ́ni lọ, torí òun ló bá ìyá mi bẹ àwọn ará ilé bàbá mi lórí ilẹ̀. Mo ń wo ẹnu rẹ̀. Ó gbé orí sókè, ó ní, “Àwọn wọ̀nyí, mi ò mọ̀ wọ́n.”

Adájọ́ béèrè ẹni tó lè mọ̀ wọ́n. Ìyá mi bọ́ síwájú, ó kúnlẹ̀ lórí ilẹ̀ tútù náà. Ó ní, “Mẹ́jọ nínú rẹ̀ jẹ́ tèmi, ẹ̀yin adájọ́, ṣùgbọ́n mi ò lè nawọ́ sí i. Ọmọ mi ló dì í.”

Báyìí ni wọ́n ṣe gbé Àlùkùránì fún mi. Mo ti ṣe àlùwàlá, torí ojú ti tì mí láti má ṣe é lẹ́yìn ohun tí mo rí. Adájọ́ ní kí n fi mẹ́jọ tó jẹ́ ti ìyá mi hàn. Kò sóhun tó rọrùn tó o. Bí mo bá nawọ́ sí èyíkéyìí, kò sẹ́ni tó lè sọ pé bẹ́ẹ̀ kọ́. Dírẹ́bà wà nínú igbó. Lọ́yà ń fi ojú bẹ̀ mí pé kí n sọ̀rọ̀. Àwọn ìyá ń fi ojú bẹ̀ mí. Mo wo àpò méjìlá náà, gbogbo wọn rí bákan náà, okùn kan náà, àpò kan náà. Mo la ẹnu láti sọ pé èyí, èyí, àti èyí. Ohùn tó jáde ni pé, “Mi ò mọ̀ wọ́n, Olúwa mi.”

Lọ́yà ṣe gbogbo ohun tó lè ṣe. Ó ní kí wọ́n kàn ka mẹ́jọ nínú méjìlá fún obìnrin náà. Ọ̀gá àwọn ẹ̀ṣọ́ ní ata tí wọ́n fi bo ìrẹsì jẹ́ ẹ̀rí ẹjọ́, èèyàn kò sì lè pín ẹ̀rí tí kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n yàtọ̀. Mo rí i pé ọ̀rọ̀ náà kò dùn mọ́ adájọ́ nínú. Ó ní òun dá gbogbo ata tí wọ́n dá mọ̀ sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀, kí àwọn obìnrin máa kó tiwọn lọ. Ó ní kí méjìlá tó kù dúró, bí ẹjọ́ bá parí, kí ìyá mi wá béèrè tirẹ̀. Òfin sọ tirẹ̀ dáadáa, àmọ́ ata kò mọ̀ pé kóòtù ní kí òun dúró. Ṣáájú Ọjọ́ Àìkú tó tẹ̀lé e, wọ́n ti fi ṣọ́bìrì kó o lọ sórí ààtàn.

Èyí tí wọ́n dá sílẹ̀ náà kò lè dé Ìbàdàn mọ́. Ọ̀pọ̀ rẹ̀ ti rọ̀. Orí àpáta tó wà lẹ́yìn ìlú wa ni wọ́n kó o lọ, níbi tí wọ́n ti ń sá èlùbọ́. Ọlọ́run ṣe é, òjò sinmi fún bí ọjọ́ mélòó kan. Wọ́n jókòó, wọ́n ń ṣa èyí tó ti rà sọnù, wọ́n ń la èyí tó ṣì dára sí méjì, wọ́n ń tẹ́ ẹ sí orí òkúta gbígbóná. Kálukú ní àyè tirẹ̀ lórí àpáta náà láti ìgbà ìyá wọn. Ìyá mi pẹ̀lú wá, ó ń bá wọn ṣa, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò ní ẹyọ kan tí ó máa sá. Nígbà tí oòrùn kan àtàrí, ìyàwó alágbẹ̀dẹ dìde, ó bu ata sínú igbá, ó lọ tẹ́ ẹ sí àyè ìyá mi. Ẹlòmíràn dìde. Wọ́n ń bu, wọ́n ń tẹ́ ẹ, títí àyè náà fi pupa bíi ti gbogbo àwọn yòókù.

Ìyálẹ́gbẹ́ ló ṣe ìkẹyìn. Ó gbé apẹ̀rẹ̀ kan wá, ó dúró níwájú ìyá mi, kò sì gbé e kalẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Ó ní, “Ìyàwó, má bínú sí mi. Mo fẹ́ pè é ní tìrẹ. Ọlọ́run ló mọ bí mo ṣe fẹ́ tó. Mi ò lè pè é ni.”

Ìyá mi kúnlẹ̀, ó gba apẹ̀rẹ̀ náà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní, “Ìyá, bí ẹ bá pè é ni ǹ bá bínú. Ta ni ì bá gba ẹ̀rí yín lórí ti àwọn tó kù?”

Mo wà níbẹ̀ pẹ̀lú ọ̀bẹ lọ́wọ́, omi ata ń ta mí ní gbogbo ìka, mo sì sunkún lọ́jọ́ náà. Àwọn ìyá rò pé ata ló wọ̀ mí lójú. Wọ́n ní kí n má fi ọwọ́ nù ún.

Ìyá mi pàdánù ilẹ̀ náà. Ata gbígbẹ tí wọ́n fi ta á lọ́rẹ kò tó ohun tí àwọn ará ilé bàbá mi fẹ́ rí, wọ́n sì gba ilẹ̀ wọn nígbà ọyẹ́. Ìyálẹ́gbẹ́ gé apá kan fún un lára oko tirẹ̀, ìyá mi sì ń dáko níbẹ̀ títí ẹsẹ̀ rẹ̀ fi di ohun tí kò lè rìn dé oko mọ́. Èmi gba iṣẹ́ olùkọ́, mo wà ní Ṣakí. Ìyálẹ́gbẹ́ ti kú. Kò sọ ohun tí mo sọ sí i létí ní ọ̀ọ̀dẹ̀ kóòtù fún ẹnikẹ́ni, mo mọ̀ bẹ́ẹ̀, torí bó bá sọ ọ́, ìlú wa kò tóbi tó láti fi í pamọ́.

Yorùbá ní òtítọ́ dé ọjà ó kù tà, owó lọ́wọ́ là ń ra èké. Mo ti gbọ́ ọ láti kékeré, mo sì rò pé ọ̀rọ̀ ọjà ni. Ní báyìí, bí ìyá mi bá ní àlejò, ó máa ń pè mí jáde kó lè sọ ìtàn mi. Á ní, “Ẹ wo ọmọ mi yìí. Wọ́n gbé Àlùkùránì fún un lórí ata mi, kò purọ́.” Àlejò á wò mí tìyanu-tìyanu, èmi á sì tẹ orí ba. Bí mo bá dá nìkan wà, mo máa ń bi ara mi bóyá òtítọ́ ni mo sọ lọ́jọ́ náà, tàbí ẹ̀rù ló bà mí. Mo ti la ẹnu láti purọ́. Ìmọ̀ mi kò dá mi dúró, mi ò sì lè pe ohun tó dá mi dúró ní ìwà rere. Ojú arúgbó kan ló wà lára mi. Mi ò tíì sọ èyí fún ìyá mi. Ó fi ilẹ̀ ọkọ rẹ̀ san owó ọ̀rọ̀ tí mo sọ, ó sì gbà pé ọ̀rọ̀ náà tó bẹ́ẹ̀. Ohun tí mo ń ṣe láti ọjọ́ náà kò ju pé kí n máa gbé ayé lọ́nà tí ìgbàgbọ́ rẹ̀ kò fi ní di irọ́.